A Kì Í Ti Kóòtù Dé Ṣọ̀rẹ́: Ṣé Òwe Yìí Ṣì Múlẹ̀?

Ẹ̀yin ọmọ káàárọ̀-oòjíire tí ń gbé ní Àbújá, àwọn àgbà wa bọ̀, wọ́n ní a kì í ti kóòtù dé ṣọ̀rẹ́. Ojú wa ti rí i níhìn-ín. Owó àjọ, owó ilé àti ilẹ̀ tí ẹni méjì jọ rà ti sọ ará ìlú kan náà di ọ̀tá. Ìdí nìyí tí a fi fẹ́ wo bí àwọn baba wa ṣe ń yanjú irú ọ̀rọ̀ báyìí, àti ibi tí ọ̀rọ̀ dé lónìí.

Láyé àtijọ́, iwájú olórí ẹbí, baálẹ̀ tàbí ọba ni ẹjọ́ ilẹ̀ máa ń parí sí. Ní ti gbèsè, ẹni tí ó yá owó lè fi ara rẹ̀ tàbí ọmọ rẹ̀ ṣe ìwọ̀fà. Iṣẹ́ tí ìwọ̀fà ń ṣe ni èlé. Owó gan-an kò dín títí wọn yóò fi san án. Àlùfáà Samuel Johnson, nínú ìwé ìtàn Yorùbá rẹ̀ tí ó jáde ní 1921, sọ nípa ológò, ẹni tí ń lọ dógò ti onígbèsè nínú ilé, tí yóò máa yọ ọ́ lẹ́nu títí owó yóò fi jáde. Owó a jáde lóòótọ́, ṣùgbọ́n ìtìjú a bá gbogbo agbo ilé.

Nígbà tí òyìnbó gbé kóòtù dé, ẹnì kan ní láti jàre, kí ẹnì kejì jẹ̀bi. Ẹjọ́ ilẹ̀ mìíràn pẹ́ títí tí bàbá fi kú, tí ọmọ ń bá a lọ.

Ní 1976, Ọ̀jọ̀gbọ́n Frank Sander ti Yunifásítì Harvard ní Amẹ́ríkà dá a lábàá pé kí kóòtù ní ilẹ̀kùn púpọ̀, kí wọ́n darí ẹjọ́ kọ̀ọ̀kan sí ibi tí ó yẹ ẹ́. Èkó ló kọ́kọ́ dá irú rẹ̀ sílẹ̀ ní Áfíríkà, ní ọjọ́ 11 oṣù kẹfà, 2002. Àbújá tẹ̀lé e ní 2003, Kánò ní 2009.

Onílàjà ibẹ̀ kì í dájọ́. Yóò bá àwọn méjèèjì jókòó, yóò sì tún lè bá ẹnì kọ̀ọ̀kan sọ̀rọ̀ ní kọ̀rọ̀, títí ohùn wọn yóò fi ṣọ̀kan. Wọn yóò kọ àdéhùn sílẹ̀, wọn yóò fọwọ́ sí i. Òfin tí Èkó ṣe ní 2007 sọ pé bí adájọ́ bá tún fọwọ́ sí àdéhùn náà, agbára ìdájọ́ ilé ẹjọ́ gíga ni ó ní. Ibí ni ó ti ju ìlàjà inú ilé lọ: onígbèsè lè dọ̀bálẹ̀ fún àgbà lónìí, kí ó sẹ́ lọ́la, èyí kò ṣeé sẹ́.

Ẹ̀yin ará, bí ọ̀rọ̀ bá kọjá agbára àwọn àgbà ẹgbẹ́, ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ kan ilẹ̀kùn ìlàjà. Bí a bá gba ibẹ̀ jáde, a ṣì lè jọ jókòó ní ìpàdé. Kí Ọlọ́run má ṣe jẹ́ kí owó tú wa ká. Àmín.