Nobuo Nakagawa àti Sinimá Ẹ̀san ní Ilẹ̀ Japan

Bí a bá ń sọ̀rọ̀ nípa sinimá ilẹ̀ Japan lẹ́yìn Ogun Àgbáyé Kejì, orúkọ mẹ́ta ni ó sábà máa ń jáde lẹ́nu àwọn ọ̀mọ̀wé: Kurosawa, Mizoguchi àti Ozu. Wọn kì í sábà dárúkọ Nobuo Nakagawa. Ìdí ni pé sinimá abanilẹ́rù ni a fi mọ̀ ọ́n, irú èyí tí ọ̀pọ̀ ènìyàn kà sí eré lásán. Kókó ọ̀rọ̀ wa níhìn-ín ni pé ìdájọ́ yìí kò tọ̀nà. Ìbẹ̀rù ni Nakagawa fi ń ṣírò gbèsè ìwà ọmọ ènìyàn.

Ìlú Kyoto ni a ti bí i ní 1905. Ilé-iṣẹ́ Shintoho ni ó ti ṣe àwọn iṣẹ́ rẹ̀ tí ó lókìkí jù. A dá ilé-iṣẹ́ náà sílẹ̀ ní 1947, lẹ́yìn aáwọ̀ àwọn òṣìṣẹ́ àti àwọn ọ̀gá ní Toho. Ní 1955, Mitsugu Okura di olórí rẹ̀. Okura ti ṣe iṣẹ́ benshi rí, èyíinì ni àwọn tí ń fi ẹnu ròyìn ìtàn fún èrò ìwòran nígbà tí sinimá kò tí ì ní ohùn. Eré tí kò náni lówó púpọ̀, tí yóò sì yá kánkán, ni ó ń fẹ́. Ìtàn òkú sì bá ìgbà ooru mu, nítorí ìgbà náà ni àwọn ará Japan ń ṣe ọdún Obon, tí wọ́n fi ń gba ẹ̀mí àwọn baba ńlá wọn lálejò.

Ní 1959, Nakagawa gbé Tokaido Yotsuya Kaidan jáde. Inú eré orí ìtàgé tí Tsuruya Nanboku Kẹrin kọ ní 1825 ni ìtàn náà ti wá. Iemon, jagunjagun tí kò ní olúwa, fún Oiwa aya rẹ̀ ní májèlé kí ó lè fẹ́ ọmọ olówó. Ní alẹ́ ìgbéyàwó tuntun, ojú Oiwa ni ó rí lára ìyàwó. Ó fa idà yọ, ó sì pa ẹni tí ó tìtorí rẹ̀ ṣìkà. Ẹ jẹ́ kí a kíyè sí i pé Nakagawa kò kánjú mú òkú jáde. Òṣì, ojúkòkòrò àti ẹ̀tàn ni ó kọ́kọ́ fi hàn wá. Ẹni tí ó da eérú ni eérú ń tọ̀.

Jigoku, tí ó jáde ní 1960, tún jinlẹ̀ jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ọkọ̀ tí akẹ́kọ̀ọ́ kan, Shiro, wà nínú rẹ̀ pa ọkùnrin kan, wọn kò sì dúró. Láti ibẹ̀ ni ikú ti ń ran ikú, títí gbogbo wọn fi dé ọ̀run àpáàdì tí àwọn ẹlẹ́sìn Búdà ń sọ. Òkùnkùn, kùrukùru àti iná aláwọ̀ ni Nakagawa fi kọ́ ọ̀run náà. Lára àwọn tí ń jìyà níbẹ̀ ni ọlọ́pàá, oníṣègùn, àti Yajima, olùkọ́ Shiro ní yunifásítì, tí ó gba omi lọ́wọ́ ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ tí ń kú lọ lójú ogun. Ọdún 15 péré ni ogun náà ti parí. Ohun tí àwọn ọlọ́lá kò fẹ́ sọ ní gbangba, sinimá tí a fojú tẹ́ńbẹ́lú ni ó sọ ọ́.

Shintoho wó ní 1961. Nakagawa ń bá iṣẹ́ lọ níbòmíràn. Ó ṣe sinimá rẹ̀ ìkẹyìn ní 1982, ó sì kú ní 1984. Ẹ̀kọ́ tí ó kù fún àwa onílámèyítọ́ ni pé kí a wo iṣẹ́ fúnra rẹ̀ kí a tó dá a lẹ́jọ́, kí a má ṣe fi orúkọ ẹ̀yà tí ó wà díwọ̀n rẹ̀.