Láti Ìgbànú Dé Etí: Ìtàn Orúkọ Àrùn Ramsay Hunt àti Èdè-Ìperí Yorùbá ní Àbíjàn

1. Ìfáárà

Ní Zone 4, ní agbègbè Marcory ní ìlú Àbíjàn, orúkọ àdúgbò àti orúkọ àrùn kan jẹ́ ọmọ ìyá. Zona ni èdè Faransé ń pe àrùn tí ó máa ń yọ ìléròrò olómi sí ẹ̀gbẹ́ kan ara pẹ̀lú ìrora tó gbóná janjan. Ọ̀rọ̀ Gíríìkì tí ó túmọ̀ sí ìgbànú, tí èdè Látìn yá, ni orírun zone àti zona. Àwọn Yorùbá Àbíjàn, tí púpọ̀ nínú wọn wá láti Èjìgbò, ń lo Faransé àti Dioula mọ́ Yorùbá. Nítorí náà, zona ni orúkọ tí wọn yóò kọ́kọ́ gbọ́ lẹ́nu dókítà. Iṣẹ́ yìí tọpa orúkọ ẹ̀ka àrùn náà tí ó ń mú ojú rọ, ó sì wo irú orúkọ tí ó yẹ ẹ́ ní Yorùbá.

2. Ìgbànú tí kò dé ojú

Zoster, tí àwọn oníṣègùn ń lò, túmọ̀ sí ìgbànú ní Gíríìkì. Shingles ti èdè Gẹ̀ẹ́sì wá láti inú ọ̀rọ̀ Látìn fún ìgbànú bákan náà. Àwòrán yìí bá ìléròrò tí ó yí ìhà ká mu, ṣùgbọ́n kò bá èyí tí ó yọ sí etí mu rárá.

Ní 1892, János Bókay ní Hungary kíyè sí i pé àwọn ọmọdé tí ó sún mọ́ alárùn zona ń ní ṣíkínpọ́ọ̀sì. Ní àwọn ọdún 1950, Thomas Weller fi hàn pé fáírọ́ọ̀sì kan náà ló ń fa méjèèjì: lẹ́yìn àìsàn ìgbà èwe, ó máa ń fara pamọ́ sínú iṣan, a sì tún jí nígbà tí agbára ara bá dínkù. Ní 1985, ní Bangui, zona tí ó ń padà ṣe ènìyàn wọ inú àwọn àmì tí Àjọ Ìlera Àgbáyé fi ń dá éèdì mọ̀ ní Áfíríkà. Ní 1988, iṣẹ́ ìwádìí RETRO-CI bẹ̀rẹ̀ ní Treichville, tí kò jìnnà sí Zone 4. Ìtumọ̀ yìí wúlò fún oníṣègùn. Ṣùgbọ́n bí ọ̀rọ̀ náà bá bọ́ sí ìgboro, ó lè fa ìfura bá àgbàlagbà tí kò ní éèdì, nítorí ọjọ́ orí nìkan tó láti jí fáírọ́ọ̀sì náà.

3. Orúkọ ènìyàn

Charles Bell, tí ó kọ̀wé lórí iṣan ojú ní 1821, ni wọ́n fi orúkọ rẹ̀ pe ojú rírọ tí a kò rí ìdí rẹ̀. Ní 1907, James Ramsay Hunt (1872–1937), oníṣègùn ará Amẹ́ríkà, ya ẹgbẹ́ kan sọ́tọ̀: àwọn tí etí ń dùn, tí ìléròrò yọ sí etí wọn, tí ẹ̀gbẹ́ ojú kan náà sì rọ. Ìpààlà yìí ni ìtumọ̀ àrùn náà.

Ṣùgbọ́n Hunt ṣàpèjúwe àwọn àìsàn iṣan mìíràn tí wọ́n tún fi orúkọ rẹ̀ pè. Orúkọ kan wá di ti ọ̀pọ̀. Bí òpópónà Pierre àti Marie Curie ní Zone 4 ni orúkọ bẹ́ẹ̀ rí: ó bu ọlá fún ẹni, kò júwe ọ̀nà. Nígbà tí olórin Justin Bieber kéde ní oṣù kẹfà 2022 pé àrùn yìí mú òun, ayé gbọ́ orúkọ náà. Orúkọ náà kò sọ fún ẹnikẹ́ni pé etí ni kí ó wò.

4. Ohun tí Yorùbá lè ṣe

Èdè-Ìperí Yorùbá, tí Awóbùlúyì ṣe olóòtú apá kejì rẹ̀ ní 1990, dá lórí èdè, lítíréṣọ̀ àti ọ̀nà ìkọ́ni. Ní ti ìṣègùn, Igboanusi, Odoje àti Ibrahim gbé ọ̀rọ̀ éèdì yẹ̀ wò ní 2017 nínú Hausa, Ígbò àti Yorùbá.

Yorùbá a máa fi ohun tí ojú rí sọ àrùn lórúkọ: rọmọlápá-rọmọlẹ́sẹ̀ jẹ́ àpẹẹrẹ. Ìdènà méjì ló wà níhìn-ín. Ìkíní, iṣan dúró fún ọ̀nà ẹ̀jẹ̀, fún ẹran ara tí ń fà, àti fún okùn tí ń gbé àṣẹ ọpọlọ; kò lè dá dúró nínú orúkọ. Ìkejì, bí a bá fi ìgbóná kún un nítorí ṣíkínpọ́ọ̀sì, ẹ̀rù Ṣọ̀pọ̀ná, tí àwọn àgbà ń fi Olóde dà pè, yóò tẹ̀ lé e.

Ẹ̀gbà ni ọ̀rọ̀ tí ó ti wà nílẹ̀ fún ara rírọ. Láti inú rẹ̀ ni a ti lè rí ẹ̀gbà ojú fún gbogbo ojú rírọ, àti ẹ̀gbà ojú elétí-dídùn fún ti Hunt. Ìléròrò kò sí nínú orúkọ náà, nítorí àwọn aláìsàn kan kì í ní in. Inú ìtumọ̀ ni àyè rẹ̀: ojú rírọ ní ẹ̀gbẹ́ kan, pẹ̀lú etí dídùn, tí fáírọ́ọ̀sì ṣíkínpọ́ọ̀sì fà, tí ìléròrò sábà máa ń bá wá ní etí tàbí ní ẹnu.

5. Àgbálọgbábọ̀

Nínú ẹni mẹ́wàá tí ó ní ẹ̀gbà ojú ti Bell, bíi méje a máa san pátápátá láìgba ìtọ́jú. Ti Hunt kò rí bẹ́ẹ̀: oògùn tí ń dojú kọ fáírọ́ọ̀sì àti èyí tí ń dín wíwú kù máa ń ṣiṣẹ́ jù bí aláìsàn bá gbà wọ́n láàárín ọjọ́ mẹ́ta. Orúkọ tí ó dárúkọ etí lè mú kí ẹni tí ojú rẹ̀ rọ, tàbí ẹbí rẹ̀, yẹ etí wò kí ọjọ́ mẹ́ta náà tó kọjá. Ìgbànú kò lè ṣe é. Orúkọ ẹni ọlá kò lè ṣe é.