Àwọn Ará Wa ní Etí Omi Mobile: Ìtàn Abúlé Africatown

 Nígbà tí ìgbìmọ̀ Ọjọ́ Àsọyé ní kí n kọ ìtàn kan tó kan àwa Yorùbá tí a ń gbé lẹ́yìn odi, ọ̀pọ̀ rò pé bí àwọn bàbá wa ṣe dé Port Harcourt níhìn-ín ni n ó kọ. Òmíràn ni mo yàn. Ìtàn àwọn kan tí wọn kò fúnra wọn yan ìdálẹ̀ ni, tí ọ̀nà ilé sì dí mọ́ wọn, tí wọ́n wá fi owó ara wọn ra ilẹ̀, tí wọ́n sì sọ ọ́ di ilé.

Africatown ni abúlé náà ń jẹ́. Ìpínlẹ̀ Alabama ní Amẹ́ríkà ló wà, ní apá àríwá ìlú Mobile. Ilẹ̀ agbègbè náà kún fún àbàtà àti ẹ̀ka omi tí kì í yára ṣàn, tí wọ́n ń pè ní bayou. Ọ̀kan nínú wọn, Hog Bayou, kò jìnnà sí abúlé náà rárá. Ẹni tó bá ti wọ ọkọ̀ ojú omi láti ibí lọ sí Bonny mọ irú omi tí mò ń wí: omi tó lè gbé nǹkan pamọ́. Omi yìí ni wọ́n sì gbà kó wọn wọlé.

Láti ọdún 1808 ni òfin Amẹ́ríkà ti ka kíkó ẹrú wọlé láti òkè òkun léèwọ̀. Ní 1820 wọ́n tún sọ ọ́ di ẹ̀ṣẹ̀ tí ìjìyà rẹ̀ jẹ́ ikú. Síbẹ̀, wọ́n ní ọlọ́rọ̀ kan ní Mobile, Timothy Meaher, ta tẹ́tẹ́ pé òun yóò kó ẹrú wọlé, ohunkóhun kò sì ní ṣẹlẹ̀. Ó rán ọ̀gá ọkọ̀ kan, William Foster, lọ sí Ouidah pẹ̀lú ọkọ̀ onígbòkun tí wọ́n ń pè ní Clotilda. Ní oṣù Karùn-ún ọdún 1860, Foster kó ènìyàn 110 níbẹ̀. Ogun Glele, ọba Dahomey, ló kó ọ̀pọ̀ nínú wọn. Nínú oṣù Keje, wọ́n wọ́ ọkọ̀ náà gba odò Mobile lóru, wọ́n kó àwọn ènìyàn náà bọ́ sílẹ̀, wọ́n sì sọ iná sí ọkọ̀. A kò fi ẹnikẹ́ni jìyà lórí ọ̀rọ̀ náà títí di òní.

Nínú wọn ni Kossola wà, ọmọ bíi ọdún 19. Ìwádìí fi hàn pé Bantè ló ti wá, ní ilẹ̀ Yorùbá tó bọ́ sí Benin Republic lónìí. Orúkọ bàbá rẹ̀ ni wọ́n kọ sílẹ̀ pé “Oluale”. Ta ni Yorùbá tí kò ní gbọ́ Olúwálé nínú rẹ̀? Ìdájí ni ogun Dahomey wọ ìlú wọn, wọ́n sì pa ọba ìlú náà lójú rẹ̀. Ní Alabama ni wọ́n ti sọ ọ́ di Cudjo Lewis.

Ọdún márùn-ún ni wọ́n fi ṣe ẹrú. Nígbà tí ogun abẹ́lé parí ní 1865 tí àwọn sójà ìjọba àpapọ̀ wá sọ fún wọn pé wọ́n ti di òmìnira, ohun àkọ́kọ́ tí wọ́n rò ni kí wọ́n padà sílé. Wọ́n ṣiṣẹ́ ní iléeṣẹ́ pákó, àwọn obìnrin sì ń ta ẹ̀fọ́ àti èso. Wọ́n ṣírò owó ọkọ̀, wọ́n rí i pé agbára wọn kò ká a. Wọ́n wá ní kí Kossola, tó mọ ọ̀rọ̀ sọ, lọ bá Meaher: òun ló kó wọn kúrò nílé, kí ó fún wọn ní ilẹ̀ díẹ̀. Meaher fò dìde. Ó pè é ní òmùgọ̀, ó bi í bóyá ó rò pé òun yóò máa fi dúkìá lé dúkìá fún wọn.

Bí wọ́n ṣe dáhùn nìyí: wọ́n rà á. Wọ́n dín oúnjẹ kù, wọ́n tọ́jú owó. Ní 1870 àwọn ìdílé kan ra éékà 7, tí à ń pè ní Lewis Quarters. Ní 1872 Kossola fi dọ́là 100 ra éékà bíi 2 lọ́wọ́ ìdílé Meaher kan náà, wọn kò sì yọ kọ́bọ̀ kúrò níbẹ̀ fún un.

Ìṣètò ìlú wọn ló wú mi lórí jù lọ. Wọ́n fi Gumpa jẹ olórí. Ọmọ Dahomey ni Gumpa! Ìjòyè ni nílé rẹ̀ kí wọ́n tó ta òun náà. Àwọn tí ogun Dahomey ba ìlú wọn jẹ́ ló yàn án, wọ́n ní ẹ̀ṣẹ̀ ọba kì í ṣe ẹ̀ṣẹ̀ rẹ̀. Wọ́n yan adájọ́ méjì, Jaba àti Ossa Keeby. Wọ́n ṣòfin pé ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ jalè, kò gbọdọ̀ mutí yó; ẹni tó bá ṣẹ̀, wọ́n á pè é jókòó, wọ́n á bá a wí. Nígbà tí àwa níhìn-ín bá ń fa ọ̀rọ̀ lórí bóyá Ìjẹ̀bú ni yóò ṣe alága àbí Èkìtì, Gumpa ni mo máa ń rántí.

Wọ́n kọ́ ṣọ́ọ̀ṣì ní 1872, wọ́n ní itẹ́ òkú àti ilé ìwé tiwọn. Wọ́n sì nílò wọn, nítorí àwọn aláwọ̀ dúdú tí wọ́n bí sí Amẹ́ríkà pàápàá ń fi wọ́n ṣe yẹ̀yẹ́ pé ará oko ni wọ́n, àwọn ọmọ wọn sì ń jà nítorí rẹ̀.

Kossola àti Abile, ìyàwó rẹ̀, bí ọmọ mẹ́fà. Orúkọ méjì ni wọ́n fún ọ̀kọ̀ọ̀kan, ọ̀kan ti Amẹ́ríkà, ọ̀kan ti ilé. Àwọn tó kọ ọ́ sílẹ̀ kò gbọ́ Yorùbá, ṣùgbọ́n ẹ fi etí yín gbọ́ ọ: Aleck ni “Iyadjemi”, ìyẹn Ìyàjẹmí. David ni “Adeniah”, tí mo gbọ́ bí Adéníyì. Cudjo kékeré ni “Feichitan”: Fèyíṣìtàn. Agbófinró kan yìnbọn pa Fèyíṣìtàn ní 1902. Rélùwéè pa Dáfídì ní 1905. Abile kú ní 1908. Àwọn ọmọ mẹ́fẹ̀ẹ̀fà ló ṣáájú Kossola lọ. Rélùwéè ti ṣe òun fúnra rẹ̀ léṣe ní 1902. Ìgbìmọ̀ ìdájọ́ ní kí wọ́n san dọ́là 650 fún un, ilé ẹjọ́ gíga jù lọ Alabama fagi lé e.

Ní 1927 àti 1928 ni òǹkọ̀wé Zora Neale Hurston lọ bẹ̀ ẹ́ wò. Nígbà tó fẹ́ ya fọ́tò rẹ̀, bàbá náà wọ aṣọ tó dára jù, ṣùgbọ́n ó bọ́ bàtà. Ó ní òun fẹ́ kí ó dà bí ẹni wà nílé. Àárín sàréè àwọn ẹbí rẹ̀ ló ní kí wọ́n ti ya òun. Inú rẹ̀ dùn pé ọ̀rọ̀ òun lè dé ilé, bóyá ẹnì kan níbẹ̀ yóò sọ pé òun mọ Kossola. Ó kú ní 1935. Ìwé Hurston, Barracoon, kò jáde títí di 2018, nítorí àwọn atẹ̀wé ní kí ó yí èdè bàbá náà padà, ó sì kọ̀. Fún ìgbà pípẹ́ a rò pé Kossola ló kú kẹ́yìn nínú èrò Clotilda. Ìwádìí tó jáde ní 2020 fi hàn pé Matilda McCrear, tí orúkọ ilé rẹ̀ ń jẹ́ Àbákẹ́, wà láyé títí di 1940.

Abúlé náà gbilẹ̀ títí ènìyàn ibẹ̀ fi tó 12,000. Iléeṣẹ́ pépà ńláńlá dé láti 1928, wọ́n mú iṣẹ́ wá, wọ́n sì ba afẹ́fẹ́ àti omi jẹ́. Nígbà tí wọ́n ti ilẹ̀kùn wọn, iṣẹ́ lọ, ìdọ̀tí kò lọ. Ní 2017 àwọn ará ibẹ̀ gbé ọ̀rọ̀ náà lọ sílé ẹjọ́. Àwọn tó kù lónìí jẹ́ bíi 2,000.

Ní oṣù Karùn-ún 2019, àwọn awalẹ̀pìtàn kéde pé wọ́n ti rí Clotilda nínú ẹrẹ̀ odò Mobile. Iná Foster kò jó o tán. Ní oṣù Keje 2023 ni Africatown Heritage House ṣí ilẹ̀kùn, àwọn pákó ara ọkọ̀ náà sì wà níbẹ̀. Ní Lewis Quarters, lórí ilẹ̀ tí wọ́n rà ní 1870, àwọn ìran tó rà á ṣì ń gbé.