Egbò Tó Sọdá Ẹnubodè

Ẹni tó bá fẹ́ mọ bí egbò ṣe di oògùn inú rírun nílẹ̀ Ànàgó, láti Agosasa dé Ìpókíá àti Ìdí-Ìrókò, títí wọ Ìtakété àti Pọ́bẹ̀ ní òdìkejì ẹnubodè, nílẹ̀ Benin, ọ̀dọ̀ àwọn tó ń tajà ni kó kọ́kọ́ yà sí kó tó wọ igbó. Ohun tí a sábà máa ń gbọ́ ni pé ogún àwọn baba ńlá ni ìmọ̀ yìí, pé bí wọ́n ṣe gbé e kalẹ̀ láti ìwáṣẹ̀ náà ló ṣe wà títí dòní. Èmi ò gbà bẹ́ẹ̀. Òwò ló kó èyí tó pọ̀ jù nínú àgbo inú rírun jọ, ọ̀pọ̀ ohun tó sì wà nínú ìkòkò náà ni kò lọ́jọ́ lórí tó bí a ṣe rò.

Egbò fúnra rẹ̀ ni ẹ̀rí àkọ́kọ́. Ewé ẹfínrín tí wọ́n já láàárọ̀ kì í pẹ́ rọ. Eléwé ọmọ gbọ́dọ̀ tètè tà á, nítòsí ló sì ti ń já a. Egbò ò rí bẹ́ẹ̀. Bí wọ́n bá ti wú u, tí wọ́n gé e wẹ́wẹ́, tí wọ́n sì sá a gbẹ, ó lè wà lórí àtẹ lékuléja fún ọ̀pọ̀ oṣù, ó sì lè rin ọ̀nà jíjìn láìbàjẹ́. Ẹ wo ìpẹta, tí wọ́n ń gún fún inú rírun àti aràn: igi ọ̀dàn ni. Ará ẹsẹ̀ odò àti àbàtà tó ń fi ìpẹta ṣe agúnmu kò wú u lẹ́yìnkùlé rẹ̀. Ẹni kan ló rù ú wá tà fún un. Oògùn àdúgbò ni ewé, oògùn ọ̀nà jíjìn ni egbò.

Kì í sì í ṣe ọ̀dàn nìkan ni òwò ti gbé e wá. Ìtàkùn akọ-igún, tí egbò rẹ̀ korò burúkú, tí wọ́n fi ń ṣe oògùn inú rírun àti ìgbẹ́ gbuuru, ilẹ̀ Amẹ́ríkà tó móoru ló ti ṣẹ̀ wá. Ibẹ̀ náà ni ìbẹ́pẹ, tí wọ́n ń lò fún aràn, ti wá. Éṣíà ni àtalẹ̀ ti wá, kànáfùrù sì wá láti erékùṣù Indonéṣíà. Kò sí bí akọ-igún àti ìbẹ́pẹ ṣe lè dé etíkun wa kí ọkọ̀ ojú omi àwọn òyìnbó tó bẹ̀rẹ̀ sí í ná Amẹ́ríkà lẹ́yìn 1492. Ẹnìkan lè wá bi mí pé, bó bá rí bẹ́ẹ̀, ṣé oògùn wa ṣì ni? Amẹ́ríkà kan náà ni ẹ̀gẹ́ ti wá, mi ò sì tíì gbọ́ ẹni tó sọ pé gàrí kì í ṣe oúnjẹ Yorùbá. Ẹni tó kọ́kọ́ tọ́ egbò àjèjì yẹn wò, tó mọ ìwọ̀n rẹ̀, tó sì mọ ohun tó yẹ kó bá a sè pọ̀, ọmọ ilẹ̀ yìí ni. Iṣẹ́ ọwọ́ tirẹ̀ ni mo ń pè ní ìmọ̀.

Ààlà pàápàá ò dá egbò dúró. Ní ọjọ́ 10 oṣù kẹjọ ọdún 1889 ni Gẹ̀ẹ́sì àti Faransé fọwọ́ sí ìwé tó pín ilẹ̀ yìí: Ìpókíá àti Agosasa bọ́ sábẹ́ Gẹ̀ẹ́sì, Ìtakété àti Pọ́bẹ̀ bọ́ sábẹ́ Faransé. Ọ̀jọ̀gbọ́n A. I. Asiwaju, ọmọ Ìmẹ̀kọ, fi hàn nínú ìwé tó ṣe ní 1976 bí iṣẹ́ àfipáṣe àti fífi ipá kó ọmọkùnrin wọṣẹ́ ológun lábẹ́ Faransé ṣe lé ọ̀pọ̀ ènìyàn sá wá sí ọ̀dọ̀ Gẹ̀ẹ́sì, pàápàá nígbà Ogun Àgbáyé Kìíní. Ìwé náà kì í ṣe ìwé oògùn, àmọ́ ẹni tó ń sá lọ ò ní fi ohun tó fi ń wo inú ọmọ rẹ̀ sílẹ̀. Ní Kétu, lábẹ́ Faransé, ni wọ́n ti tẹ Pierre Verger, òyìnbó Faransé kan, nífá ní 1953; nígbà tó ṣe ìwé rẹ̀ tó pè ní Ewé ní 1995, orúkọ Yorùbá ni àwọn igi inú rẹ̀ ń jẹ́.

Àtakò tó lágbára jù wá láti ọ̀dọ̀ àwọn tó ní pípẹ́ tí a ti ń lo egbò ti tó ẹ̀rí pé kò léwu. Ó tó ẹ̀rí fún ewu tó ń tètè yọjú. Gbogbo ẹni tó mọ ìpẹta ló mọ̀ pé bó bá pọ̀ jù, ó ń pani, ìdí nìyẹn tí wọ́n fi ń bù ú díẹ̀. Ewu tó máa ń pẹ́ kó tó fara hàn ńkọ́? Ní 1993 làwọn dókítà ìlú Brussels ròyìn àwọn obìnrin tí kíndìnrín wọn bàjẹ́ lẹ́yìn tí wọ́n lo oògùn ìfọnra tí egbò ìtàkùn kan láti Ṣáínà, mọ̀lẹ́bí akọ-igún, wà nínú rẹ̀. Wọ́n lé ní ọgọ́rùn-ún kó tó parí. Bí irú rẹ̀ bá ṣẹlẹ̀ létí ẹnubodè lẹ́yìn ọdún mẹ́wàá, ta ni yóò rántí àgbo tó mu?

Ilẹ̀ tí wọ́n ti wú egbò náà lọ́rọ̀ í sọ. Ní 2013, àwọn onímọ̀ láti ilẹ̀ Faransé kéde pé àwọn rí tramadol, oògùn ìrora òyìnbó, nínú egbò egbèsì láti Kamẹrúùnù, pé igi náà ló ń pèsè rẹ̀. Lọ́dún kejì, àwọn ará Jámánì já wọn: àwọn àgbẹ̀ àríwá ibẹ̀ ń gbé oògùn náà mì, wọ́n ń fún màlúù, ìtọ̀ sì gbé e wọ ilẹ̀, egbò wá fà á mu. NAFDAC, àjọ tó ń mójú tó oúnjẹ àti oògùn, tí ìjọba Nàìjíríà dá sílẹ̀ ní 1993, ń forúkọ àgbo inú ìgò sílẹ̀, àmọ́ egbò gbígbẹ inú àpò kò ní àkọlé tó sọ ibi tó ti wá. Nítorí náà, bí yunifásítì kan bá fẹ́ yẹ akọ-igún wò, egbò orí àtẹ lékuléja ni kó rà, kí èyí tí wọ́n fọwọ́ ara wọn wú nínú igbó má dá nìkan jẹ́rìí. Torí ti orí àtẹ ni aláìsàn ń mu.