Inú Dídùn Ní Í Mórí Yá

Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní inú dídùn ní í mórí yá. Òwe yìí kò ṣàjèjì sí ẹnikẹ́ni tí ó gbọ́ Yorùbá, nítorí pé onílù a máa fi í tọrọ owó lọ́wọ́ ẹni tí ó ń kì, òṣìṣẹ́ a máa fi í rán ọ̀gá rẹ̀ létí bí oṣù bá ń parí lọ, bẹ́ẹ̀ ni ìyá tí ọmọ rẹ̀ ń lọ́ra láti jẹ́ iṣẹ́ a máa fi àkàrà méjì tẹ̀ ẹ́ lọ́wọ́ kí ẹsẹ̀ rẹ̀ lè yá nílẹ̀. Irú ìlò báyìí ti pọ̀ tó bẹ́ẹ̀ tí ọ̀pọ̀ ènìyàn fi ka òwe náà sí ọ̀rọ̀ owó, pé ẹni tí kò bá fún wa ní nǹkan kò gbọdọ̀ retí kí orí wa ó yá sí iṣẹ́ rẹ̀. Èmi kò bá wọn jiyàn. Ṣùgbọ́n bí a bá fara balẹ̀ wò ó, a ó rí i pé ọ̀rọ̀ nípa bí a ti dá ènìyàn ni àwọn àgbà ń sọ, pé níbi tí ayọ̀ kò bá sí, kí a má ṣe retí kí làákàyè ó jí. Ọ̀nà tí inú fi ń dùn ni wọn kò sọ, bóyá nítorí pé kò sí ẹni tí kò mọ̀ ọ́n nígbà ayé tiwọn, nígbà tí àwọn ọmọdé ń ṣe eré òṣùpá lálaalẹ́, tí wọ́n ń fi bojúbojú lé ara wọn yí agboolé ká, tí àwọn géńdé sì ń ja gídígbò ní gbangba lójú àwọn tí ń wòran.

Nínú ìwé tí olóògbé Ọ̀jọ̀gbọ́n Aliu Babátúndé Fáfúnwá kọ lórí ìtàn ẹ̀kọ́ ní Nàìjíríà, èyí tí ó jáde ní 1974, wọ́n ka ohun méje tí ẹ̀kọ́ àwọn baba wa wà fún. Ẹni tí ojú ilé-ìwé òde òní bá mọ́ lára yóò rò pé ìmọ̀ orí ni yóò ṣíwájú. Kò rí bẹ́ẹ̀ rárá. Ara ni ó ṣíwájú, pé kí a tọ́ agbára tí ó fara sin nínú ara ọmọ dàgbà. Ìwà ni ó tẹ̀ lé e, ọ̀wọ̀ fún àgbà tẹ̀ lé ìwà, kí ó tó wá kan làákàyè ní ipò kẹrin. Kò sì sí ẹni tí ó lè sọ pé Fáfúnwá fojú tín-ínrín ìwé, àwọn tí wọ́n jẹ́ agbátẹrù ètò ọlọ́dún mẹ́fà tí ó bẹ̀rẹ̀ ní 1970 lábẹ́ Yunifásítì Ifẹ̀, níbi tí a ti fi èdè Yorùbá kọ́ ọmọ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ní gbogbo iṣẹ́ rẹ̀, àyàfi èdè Gẹ̀ẹ́sì, láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Ohun tí wọ́n rí, tí àwa kò rí mọ́, ni pé ara ọmọ ni ilé-ìwé àkọ́kọ́ tí ó wọ̀.

CMS Grammar School ni Fáfúnwá ti kàwé, èyí tí gbogbo Èkó mọ̀ mọ́ Bàrígà lónìí, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé Erékùṣù ni ó ṣì wà nígbà tiwọn. Àlùfáà Thomas Babington Macaulay, àna Bíṣọ́ọ̀bù Àjàyí Crowther, tí í ṣe bàbá Herbert Macaulay, ni ó dá a sílẹ̀ ní 1859 pẹ̀lú akẹ́kọ̀ọ́ mẹ́fà péré, òun sì ni ilé-ẹ̀kọ́ girama àkọ́kọ́ ní gbogbo ilẹ̀ tí a ń pè ní Nàìjíríà. Nígbà tí ó pé ọgọ́rùn-ún ọdún gééré, ní 1959, ó kó kúrò láàárín ìgboro tí ilé ti fún mọ́ ilé, ó sọdá sí Bàrígà, níbi tí àyè ṣì wà fún ẹni tí ó bá fẹ́ lò ó. Èkó Àkéte, Èkó àrómisá lẹ̀gbẹ̀lẹ̀gbẹ̀, kò fi ìgbà kan ní ilẹ̀ àpọ̀jù rí. Nítorí náà, ẹni tí ó bá gé ilẹ̀ tí ó tó pápá fún ọmọ-ìwé níbẹ̀ ti mọ ohun tí òun ń ṣe.

Ẹni tí ó mọ̀ ọ́n jù, ní tèmi o, ni Fadá Denis Slattery, òyìnbó ará Ireland tí ó dá St Finbarr's College sílẹ̀ ní 1956, ilé-ẹ̀kọ́ tí ó wà ní Àkọkà, ní ìtòsí Bàrígà gan-an. Àlùfáà ni, oníwèé-ìròyìn ni, ó sì tún máa ń wọ ṣòkòtò péńpé fọn fèrè lórí pápá bọ́ọ̀lù. Ní àkókò tí àwọn òbí ń fẹ́ kí ọmọ wọn ó kọ́ Látìnì kí ó lè di lọ́yà, Fadá yìí da iṣẹ́ ọwọ́ pọ̀ mọ́ iṣẹ́ ìwé lábẹ́ òrùlé kan náà, ó sì fi bọ́ọ̀lù lé e. Òkìkí ilé-ẹ̀kọ́ náà kàn nínú ìdíje Principals' Cup títí tí kò fi sí ọmọ girama kan ní Èkó tí kò mọ orúkọ rẹ̀. Níbẹ̀ ni Stephen Keshi ti jáde, ẹni tí ó jẹ́ balógun ikọ̀ Nàìjíríà tí ó gba ife Áfíríkà ní 1994, tí ó sì tún darí ikọ̀ mìíràn gba ife kan náà ní 2013 gẹ́gẹ́ bí olùkọ́ wọn. Níbẹ̀ náà ni Henry Nwosu ti jáde, tí kò tíì pé ogún ọdún nígbà tí ó bá àwọn àgbà gba ife náà ní 1980. Ṣùgbọ́n kì í ṣe torí àwọn akọni méjì wọ̀nyí ni mo ṣe mú ọ̀rọ̀ náà wá. Àwọn ẹgbẹlẹ́gbẹ̀ tí kò di nǹkan kan nídìí bọ́ọ̀lù, tí wọ́n di oníṣirò owó, ẹnjiníà àti olùkọ́, tí wọ́n sì fi ọ̀sán wọn sáré lórí pápá kan náà, àwọn ni mo rò pé Fadá náà kọ́ ilé-ìwé rẹ̀ fún.

Ẹ wá wo bí ó ti rí nísinsìnyí. Láti Jagunmólú dé Ìlàjẹ, láti Pédrò títí wọ inú Ṣómólú, ilé-ìwé aládàáni pọ̀ bí ṣọ́ọ̀bù, èyí tí ó sì pọ̀ jù nínú wọn wà nínú ilé alájà méjì tàbí mẹ́ta tí a kọ́ fún ayálégbé. Mo wà nínú irú ilé-ìwé bẹ́ẹ̀ kan nígbà tí agogo ìsinmi dún. Ọ̀ọ̀dẹ̀ tóóró kan ni pápá wọn. Àwọn ọmọbìnrin ń ṣe tẹ́ntẹ́n ní méjì méjì, wọ́n fẹ̀yìn ti ògiri, wọ́n sì ń ṣọ́ ẹsẹ̀ jù kí ó má baà kan kòròbá omi tí ó wà lẹ́nu ilé ìgbẹ́; àwọn ọmọkùnrin mẹ́rin dojú bo bẹ́ǹṣì, wọ́n ń fi ìdérí bíírò gbá bébà tí wọ́n ká róbótó, ọ̀kan sì ń ròyìn eré náà bí ti orí rédíò. Ẹnìkan nínú wọn gbàgbé ara rẹ̀, ó sáré bí ìṣísẹ̀ mẹ́ta, olùkọ́ na pankẹ́rẹ́ sí i: "Má sáré níbí!" Mi ò lè bá olùkọ́ náà wí, nítorí pé bí ọmọ ọlọ́mọ bá já bọ́ láti orí àtẹ̀gùn, òun ni yóò ṣàlàyé fún ìyá rẹ̀. Lẹ́yìn ìyẹn, wọ́n padà wọlé. Bí ilé-ìwé sì ti parí, lẹ́sìnnì bẹ̀rẹ̀, ó di ọwọ́ ìrọ̀lẹ́ kí wọ́n tó tú wọn sílẹ̀. Àwa òbí ni a ń sanwó rẹ̀, a sì ń yangàn pé ọmọ wa kò ráyè eré.

Mo mọ ohun tí ẹlòmíràn yóò sọ: pé ọmọ Bàrígà kò ṣàárò ìrìn, kí ni ẹ ń sọ nípa eré ìdárayá fún ọmọ tí ó ń lé ọkọ̀ kiri nínú súnkẹrẹ-fàkẹrẹ Ìkòròdú Road láti ta omi inú ọ̀rá? Ní Ṣómólú, níbi tí ẹ̀rọ ìtẹ̀wé ti ń dún láti òwúrọ̀ di òru, tí ìwé tí àwọn ọmọ ilé-ìwé ń lò káàkiri ti ń jáde, ẹ ó rí ọ̀dọ́mọkùnrin tí ó ru dìpọ̀ bébà lórí láti ọ̀dọ̀ àwọn tí ń tà á dé ìdí ẹ̀rọ, láti ìdí ẹ̀rọ dé ọ̀dọ̀ àwọn agébébà, tí òógùn ń wọ̀ ọ́ lójú. Ara rẹ̀ le bí òkúta. Ìdáhùn mi ni pé òwe kò sọ pé òógùn ní í mórí yá. Ìrìn tí ebi lé ni rìn, àárẹ̀ ni èrè rẹ̀. Ọmọ tí ó fi ọ̀sán kiri ọjà, tí ó bá ṣí ìwé lálẹ́, orí ìwé náà ni yóò sùn sí. Eré ni èyí tí ọmọ fúnra rẹ̀ yàn, tí ó lè fi sílẹ̀ nígbà tí ó bá wù ú, tí ó sì ń bá ẹgbẹ́ rẹ̀ jiyàn òfin rẹ̀ títí ohùn fi ń há. Nídìí àríyànjiyàn yẹn, pé gọ́ọ̀lù wọlé tàbí kò wọlé, pé sẹ́ẹ̀tì wo ló kàn, ni ọmọ ti ń kọ́ bí a ṣe ń rojọ́, bí a ṣe ń gbà pé a jẹ̀bi, àti bí a ṣe ń pàdánù láì ba ọ̀rẹ́ jẹ́.

Àwọn oníṣègùn òde òní ti fi ọ̀nà tiwọn dé ibi tí òwe náà wà tipẹ́. Àjọ Ìlera Àgbáyé, nínú ìlànà tí ó gbé jáde ní 2020, sọ pé ó kéré tán, kí ọmọ ọdún 5 sí 17 máa fi ìṣẹ́jú 60 lójúmọ́ ṣe ohun tí yóò mú kí ó máa mí hẹlẹ, kí àgbàlagbà sì máa ṣe é fún ìṣẹ́jú 150 lọ́sẹ̀. Bí ara bá ń ṣiṣẹ́ báyìí, ẹ̀jẹ̀ a máa lọ sínú ọpọlọ dáadáa, oorun alẹ́ a máa jinlẹ̀, ìdààmú ọkàn a sì máa fúyẹ́. Ní 2011 àwọn onímọ̀ kan ní Amẹ́ríkà kó 120 àgbàlagbà jọ. Wọ́n ní kí ìdajì wọn máa rìn déédéé fún ọdún kan, wọ́n sì rí i pé ibi tí ìrántí fi ṣe ibùjókòó nínú ọpọlọ àwọn wọ̀nyí fẹ̀ sí i ní nǹkan bí ìdá méjì nínú ọgọ́rùn-ún, nígbà tí ti àwọn yòókù, tí wọ́n kàn ń na ara lásán, ń sún kì. Àwọn arúgbó ni wọ́n o, kì í ṣe ọmọ Bàrígà. N kò ní sọ pé ìrìn ìrọ̀lẹ́ ni yóò mú ọmọ yege nínú WAEC.

Ọ̀rọ̀ ọkàn yìí sì ń bani lẹ́rù ní àdúgbò wa, nítorí pé Yábàá kò jìnnà. Ibẹ̀ ni ìjọba amúnisìn ṣí ilé ìtọ́jú alárùn ọpọlọ sí ní 1907, ilé kan tí odi yí ká, orúkọ rẹ̀ sì ti di ohun tí ọmọdé Ṣómólú fi ń bú ara wọn: "Yaba Left ni wọ́n máa gbé ẹ lọ!" Nígbà tí Dókítà Adéoyè Lámbò, ọmọ Abẹ́òkúta, ti òkè òkun dé, tí ó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní ilé ìwòsàn alárùn ọpọlọ tí ó wà ní Àrò, ní Abẹ́òkúta, ohun tí ó ṣe ní 1954 ya àgbáyé lẹ́nu. Ó kó àwọn aláìsàn sí àwọn abúlé tí ó yí ilé ìwòsàn náà ká, olúkúlùkù pẹ̀lú ẹbí rẹ̀ kan. Wọn a wá gba ìtọ́jú láàárọ̀, wọn a padà sí àárín àwọn ará abúlé, wọn a ṣiṣẹ́ oko, wọn a bá wọn jó níbi ìnáwó. Oògùn òyìnbó wà ńbẹ̀, Lámbò kò kọ̀ ọ́. Àmọ́ ó mọ̀ pé ẹni tí a tì mọ́lé tí ara rẹ̀ kú, ọkàn rẹ̀ kò ní pẹ́ kú tẹ̀ lé e. Bí èyí bá tọ́ fún aláìsàn, mélòómélòó ni ọmọ tí ara rẹ̀ dá ṣáṣá, tí a há mọ́ orí bẹ́ǹṣì láti aago mẹ́jọ àárọ̀ di ìrọ̀lẹ́?

Àwọn ọmọbìnrin ni ọ̀rọ̀ náà dùn jù. Bí ọmọkùnrin bá tilẹ̀ sá fún lẹ́sìnnì, ojú títì ṣì wà fún un, pẹ̀lú òkúta méjì àti bọ́ọ̀lù fẹ́lẹ́lẹ́. Arábìnrin rẹ̀ ni yóò lọ ṣọ́ ṣọ́ọ̀bù, tí yóò gbé àbúrò pọ̀n, bí ó bá sì ti yọ ọyàn báyìí, wọn a ní kí ó má fò mọ́. Síbẹ̀ Ṣómólú yìí ni Fúnkẹ́ Oshonaike ti dàgbà, ọmọbìnrin tí ó gbá tẹ́nìsì orí tábìlì débi tí ó fi lọ sí Òlíńpíìkì lẹ́ẹ̀méje, láti Atlanta ní 1996 títí dé ti Tokyo tí wọ́n ṣe ní 2021. Tábìlì kan kò gba ilẹ̀ ju ti alátẹ lọ; ẹni tí yóò gbà fún ọmọbìnrin pé kí ó dúró nídìí rẹ̀ ni ó ṣọ̀wọ́n.

Ijó náà kò gba ilẹ̀ púpọ̀. Ní Bàrígà, Ṣẹ́gun Adéfilà ti ń fi Crown Troupe of Africa, tí ó dá sílẹ̀ ní 1996, kọ́ àwọn ọ̀dọ́ ní ijó àti eré orí ìtàgé, bẹ́ẹ̀ ni Footprints of David tí Ṣeun Awóbàjò dá sílẹ̀ ń kó àwọn ọmọ kéékèèké àdúgbò náà jọ sídìí ìlù. Ọmọ tí ó bá kọ́ ijó níbi tí a ti ń tò ó lẹ́sẹẹsẹ ń kọ́ ìṣirò láìmọ̀, nítorí pé kò lè fi ẹsẹ̀ òsì síbi tí ọ̀tún yẹ kí ó wà kí ìlù má tú u fó. Ó sì ń kọ́ bí a ti ń dúró de ẹlòmíràn.

Ní ọjọ́ ìdìbò, tí ìjọba bá fòfin de ìrìnnà ọkọ̀, gbogbo títì Èkó ni ó máa ń di pápá. Àgbà á gbá, ọmọdé á gbá, ọlọ́pàá á dúró wòran. Ẹnu dùn ún ròfọ́, mo mọ̀, ilẹ̀ tuntun kò sì sí mọ́ tí a lè gé ní Bàrígà. Ṣùgbọ́n àwọn ilé-ìwé tí ó ní pápá ṣì wà, pápá náà a sì máa sùn lásán ní òpin ọ̀sẹ̀. Ó kù kí àwọn ọ̀gá ilé-ìwé àti àwọn aláṣẹ ìbílẹ̀ Ṣómólú àti Bàrígà ó jókòó, kí wọ́n pinnu ẹni tí yóò ṣí géètì láàárọ̀ Sátidé, ẹni tí yóò san owó ọlọ́dẹ, ẹni tí yóò dáhùn bí ọmọ bá fi ẹsẹ̀ ṣẹ́, kí wọ́n sì ya wákàtí kan sọ́tọ̀ fún àwọn ọmọbìnrin àti àwọn tí kò tíì pé ọdún méjìlá, nítorí bí wọ́n bá ṣí i sílẹ̀ fún gbogbo ènìyàn lẹ́ẹ̀kan náà, àwọn géńdé ni yóò gba pápá náà mọ́ wọn lọ́wọ́ kí aago mẹ́jọ tó lù.