Ta Ló Ya Ẹyẹ Nazca? Géèmù Xevious àti Orí Olókun Ilé-Ifẹ̀

Ọmọ ọmọ mi kan wá lo ìsinmi lọ́dọ̀ wa ní Ifẹ̀ níbí. Lálẹ́ ọjọ́ kan, ó gbé fóònù rẹ̀ wá bá mi: "Bàbá àgbà, ẹ wo ẹyẹ tó wà nílẹ̀ yìí. Wọ́n ní àwọn ará ojú sánmà ló yà á. Ṣé òótọ́ ni?" Géèmù àtijọ́ kan tó ń jẹ́ Xevious ló ń gbá. Gbólóhùn kan ni mo fẹ́ fi dá a lóhùn, àmọ́ ọ̀rọ̀ náà gùn, ó sì kan ilé wa gan-an.

Ilé-iṣẹ́ Namco ní ilẹ̀ Japan ló gbé Xevious jáde. Atari gbé e wọ Amẹ́ríkà ní 1983. Masanobu Endō ló ṣètò rẹ̀. Ẹ rántí àwọn tó ṣáájú rẹ̀: Space Invaders ní 1978, Galaxian ní 1979, Galaga ní 1981. Nínú gbogbo wọn, òkùnkùn ló wà lẹ́yìn, ọ̀tá á sì máa bọ̀ láti òkè. Irú Galaxian àti Galaga yìí ló wọ pálọ̀ ọ̀pọ̀ nínú wa ní àwọn ọdún 1990, nígbà tí ẹ̀rọ tí àwọn ọmọ ń pè ní Terminator gbòde. Ẹni tó bá tọ́mọ nígbà náà mọ ohun tí mò ń wí: ariwo ìbọn nínú tẹlifíṣàn títí wọ́n á fi mú iná lọ.

Ti Xevious yàtọ̀. Ilẹ̀ ló wà lábẹ́ ọkọ̀ tí èèyàn ń tù: igbó, odò, ọ̀nà, gbogbo rẹ̀ ń ṣí bọ̀ láti òkè wá sísàlẹ̀, bí ìgbà tí èèyàn ń fò kọjá lórí oko. Ohun ìjà méjì ni ọkọ̀ náà ní, ìbọn fún ọ̀tá inú òfurufú, bọ́ǹbù fún ti orí ilẹ̀. Nítorí náà, ilẹ̀ kì í ṣe ẹ̀ṣọ́ lásán mọ́. Dandan ni kéèyàn máa wò ó dáadáa. Endō tún fi ilé ìṣọ́ pamọ́ síbẹ̀, tí kì í yọ síta àfi tí bọ́ǹbù bá bọ́ sójú ibi tó wà gẹ́lẹ́. Ó sọ àwọn ọ̀tá lórúkọ, ó kọ ìtàn wọn, ó tiẹ̀ ṣẹ̀dá èdè fún wọn. Ẹ ò rí i pé ó yẹ kí onímọ̀ èdè bíi tèmi kí i?

Àwọn tó ń gbá a náà bẹ̀rẹ̀ sí í dá ìtàn tiwọn. Pátákó irin kan wà níbẹ̀ tó ń jẹ́ Bacura, ìbọn kì í ràn án. Àhesọ wá gba ìgboro pé bí èèyàn bá yìn ín nígbà 256, á fọ́. Irọ́ ni. Àmọ́ irọ́ tó bá ní iye nínú máa ń jọ òótọ́.

Ẹ jẹ́ ká padà sórí ẹyẹ. Nínú ìtàn Endō, àwọn ará Xevious ti gbé ayé yìí rí nígbà láéláé. Wọ́n lọ, wọ́n wá ń padà bọ̀ wá gbà á. Ẹyẹ náà sì jẹ́ ti Nazca, ní ilẹ̀ Peru. Ní 1968, Erich von Däniken, ará Switzerland, ti kọ ìwé kan tó tà gan-an, tó sọ pé àwọn àlejò láti ojú sánmà lọ́wọ́ nínú iṣẹ́ àwọn ará àtijọ́, títí kan ìlà Nazca. Ẹ̀bi Endō kọ́; eré ló ń ṣe. Ṣùgbọ́n àwọn èèyàn Nazca ló ya ìlà wọnnì ní bí 2,000 ọdún sẹ́yìn. Wọ́n ṣa òkúta dúdú ojú ilẹ̀ kúrò, ilẹ̀ tó mọ́lẹ̀ nísàlẹ̀ yọ, òjò tí kì í fi bẹ́ẹ̀ rọ̀ níbẹ̀ kò sì jẹ́ kó parẹ́. Ní 1982, Joe Nickell àti àwọn ẹbí rẹ̀ mélòó kan fi igi àti okùn ya ẹyẹ Nazca kan ní Kentucky, tó gùn ní ẹsẹ̀ bàtà 440. Wọn ò pe ará ojú sánmà kankan.

Kí ló kan Ifẹ̀? Ní 1910, Leo Frobenius, ará Jámánì, dé ìlú yìí. Ó rí orí Olókun tí wọ́n fi irin bàbà rọ, ẹnu yà á. Dípò kó bèèrè irú alágbẹ̀dẹ tó ṣe é, ó ní àwọn ará Atlantis ni, àti pé Poseidon àwọn Gíríìkì ni Olókun wa. Ní 1938, wọ́n ń gbẹ́ ìpìlẹ̀ ilé ní agboolé Wúnmọníjẹ̀, nítòsí ààfin, orí mìíràn tún jáde. Àwọn onímọ̀ fi iṣẹ́ náà sí nǹkan bí sẹ́ńtúrì 12 sí 15, wọ́n sì gbà pé ọwọ́ Ifẹ̀ ló ṣe é.

Ti ìlẹ̀kẹ̀ pẹ́ jù bẹ́ẹ̀ lọ. Wọ́n ti ń sọ ọ́ tipẹ́ pé òkè òkun ni gíláàsì ti wá, pé a kàn ń yọ́ ọ ni. Lẹ́yìn náà ni Abídèmí Babalọlá gbẹ́ ilẹ̀ ní Igbó Olókun. Ìwádìí tí òun àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ gbé jáde ní 2017 fi hàn pé níbí gan-an ni wọ́n ti ń po gíláàsì, láti ara ohun tó wà nílẹ̀ wa.

Ẹnìkan lè ní, "Ọ̀jọ̀gbọ́n, ṣé ẹ̀yin náà ò sọ pé Odùduwà fi ẹ̀wọ̀n rọ̀ láti ọ̀run ni?" A sọ bẹ́ẹ̀. Àmọ́ ẹni tó rọ̀ nínú ìtàn yẹn di bàbá wa. Ìtàn náà so wá mọ́ ilẹ̀ ni. Ti Frobenius àti von Däniken já àwọn ọmọ onílé kúrò lára iṣẹ́ ọwọ́ baba wọn. Ibi tí ìyàtọ̀ wà nìyẹn.

Mo sọ fún ọmọ náà pé èèyàn ló ya ẹyẹ yẹn, èèyàn náà ló rọ orí Olókun. Ó ní, "Kí lorúkọ wọn?" Mo ní orúkọ wọn ti sọnù. Ó dákẹ́ díẹ̀, ó ní, "Ó yẹ kí wọ́n ti kọ ọ́ sílẹ̀." Ó bọ́gbọ́n mu. Ẹ̀yin tí ẹ ń kọ́ iṣẹ́ géèmù lónìí, ẹ fi ilẹ̀ wa sínú rẹ̀, a fẹ́ bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹ fi àwọn tó ṣiṣẹ́ sí i náà.