Shifra Goldman àti Àwòrán Abẹ́ Ẹfun

Bí irọ́ bá lọ fún ogún ọdún, ọjọ́ kan ṣoṣo ni òtítọ́ yóò bá a. Ní ìlú Los Angeles, ọdún 80 ni ó gbà á.

Ní 1932, David Alfaro Siqueiros, ọmọ Mẹ́síkò, ya àwòrán ńlá kan sára ògiri ní Olvera Street. Ó ya ọmọ onílẹ̀ kan tí a kàn mọ́ àgbélébùú, tí idì, àmì ìjọba Amẹ́ríkà, bà sókè orí rẹ̀. Èyí bí àwọn alágbára nínú; kò pẹ́ tí wọ́n fi kùn ún lẹ́fun.

Nígbà tí ẹfun náà ń ṣí, Goldman, onímọ̀ ìtàn iṣẹ́ ọnà, dìde ní 1968 láti gbà á là. Ní 1971, àwọn amọ̀ṣẹ́ dé láti Mẹ́síkò wá yẹ̀ ẹ́ wò. Àwọ̀ rẹ̀ ti ṣá. Nígbà tí a wá tọ́jú rẹ̀, a kò tún un yà, ohun tí ó kù ni a pa mọ́. Ní 2012 ni a ṣí i fún gbogbo ayé. Goldman ti kú ní 2011.

Ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ ẹlẹgbẹ́ mi, ẹni tí ó gbin obì lè má jẹ nínú rẹ̀. Ṣé kí ó má gbìn ín ni?